Màlúù ń gbóná, ìtọ̀ rẹ̀ sì pọ́n bí omi sóbò: kí ni ká ṣe?

Àbẹ̀ní Ọlọ́sìn (ọ̀nà Ìkòyí-Ilé, Ògbómọ̀ṣọ́):
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin àgbà ẹgbẹ́. Abo màlúù funfun kan ni, Òkè Ọya la ti rà á nígbà tí òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Láti àná ni kò ti jẹ koríko dáadáa. Ó ń mí hẹlẹhẹlẹ, etí rẹ̀ gbóná, wàrà rẹ̀ sì ti dínkù. Láàárọ̀ yìí ni ìtọ̀ rẹ̀ pọ́n bí omi sóbò. Eégbọn wà lábẹ́ ìrù rẹ̀ àti nídìí ọmú. Ọmọ tó ń tọ́jú ẹran ti ra abẹ́rẹ́ oxytetracycline (oògùn tó ń pa bakitéríà), ó ní ká gún un kíá. Ṣé ká gún un?

Dókítà Ẹran:
Ẹ má tíì gún un, Màmá. Àrùn tó ń mú ara màlúù gbóná pọ̀, oògùn wọn ò sì jọra. Oxytetracycline kì í pa babesia, kòkòrò tí eégbọn ń gbé wọ inú ẹ̀jẹ̀, bẹ́ẹ̀ babesia ni ohun tí ẹ sọ yìí jọ jù.

Ẹ kọ́kọ́ wọn ìgbóná ara rẹ̀, ọwọ́ lórí etí ò tó. Ẹ fi òrí pa ẹnu tẹ̀mómítà, ẹ tì í bọ ihò ìdí rẹ̀, kí ẹ wá dà á sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kó lè kan ara ìfun. Bó bá jẹ́ inú ìgbẹ́ ló wọ̀, iye tó máa sọ kò ní pé. Ẹ fi okùn so ó mọ́ irun ìrù kó má bàa wọlé lọ, kí ẹ sì fi í síbẹ̀ fún ìṣẹ́jú 2. Kùtùkùtù ló dáa jù, torí oòrùn ọ̀sán nìkan lè mú kí ara ẹran tí kò ṣàìsàn gbóná. Ara màlúù àgbà tó le máa ń wà láàárín 38 sí 39.3 lórí òṣùwọ̀n Celsius. Bó bá kọjá 39.5 láàárọ̀, ibà ti wọ̀ ọ́. Babesia máa ń gbé e dé 40 sí 42.

Ẹ wá gba ìtọ̀ rẹ̀ sínú ìgò tó mọ́ gaara, kí ẹ gbé e kalẹ̀ fún wákàtí kan. Bí pupa rẹ̀ bá rì sísàlẹ̀ tí omi òkè mọ́, ẹ̀jẹ̀ gan-an ni; kíndìnrín tàbí àpò ìtọ̀ lẹ máa fura sí. Bí àwọ̀ rẹ̀ bá dọ́gba látòkè délẹ̀, ẹ̀jẹ̀ tó ti fọ́ lára ló ń bá ìtọ̀ jáde, ti babesia sì nìyẹn. Ẹ ṣí ìpéǹpéjú rẹ̀ wò pẹ̀lú: bí inú rẹ̀ bá funfun, ẹ̀jẹ̀ ti dínkù lára rẹ̀.

Bàbá Gáà:
Òótọ́ ni Dókítà sọ. Eégbọn yìí náà ló ń gbé kòkòrò anaplasma kiri, àmọ́ tìyẹn kì í jẹ́ kí ìtọ̀ pọ́n. Ìpéǹpéjú á kọ́kọ́ funfun, á wá máa yọ àwọ̀ ìyeyè, ìgbẹ́ á sì gbẹ. Ibẹ̀ ni oxytetracycline wúlò. Eégbọn ńlá alámì mèremère ló ń fa àrùn tó ń dé ọpọlọ (heartwater): màlúù á máa yí po lójú kan, á máa gbé ẹsẹ̀ sókè ju bó ṣe yẹ, á ṣubú, á máa fi ẹsẹ̀ gbá afẹ́fẹ́. Oxytetracycline náà ni oògùn tiẹ̀, bó bá tètè dé.

Sàmórè (trypanosomiasis) ní tiẹ̀, eṣinṣin tsetse ló ń gbé e wá láti inú igbó etí odò. Ibà rẹ̀ á wá, á lọ, á tún padà. Ẹran á máa jẹun, síbẹ̀ á máa rù, kókó á sì wú níwájú èjìká. Kò ní tọ ìtọ̀ pupa.

Èyí tí Màmá rà yìí, ó ti dàgbà kó tó pàdé eégbọn ìhín. Ọmọ màlúù tí kò tíì pé oṣù 9 máa ń fara da babesia ju àgbà lọ, ara rẹ̀ á sì ti mọ̀ ọ́n kó tó dàgbà. Ìdí nìyẹn tí ẹran tí a rà wọlé fi ń tètè kú níbi tí ọmọ ilé kò ti ṣe nǹkan kan.

Àbẹ̀ní Ọlọ́sìn:
Ẹ ṣé gan-an ni. 41.1 ni tẹ̀mómítà sọ. Pupa ìtọ̀ ò rì sísàlẹ̀ rárá, àwọ̀ rẹ̀ dọ́gba. Ìpéǹpéjú ti ń funfun. A ò ní òṣùwọ̀n tó lè gbé màlúù o.

Dókítà Ẹran:
Babesia ló jọ, ìwọ̀n ara rẹ̀ la ó sì fi mọ iye oògùn. Tépù tí télọ̀ ń lò ti tó. Ẹ fi yí àyà rẹ̀ ká lẹ́yìn ẹsẹ̀ iwájú, kí ẹ sì wọn gígùn ara láti ṣóńṣó èjìká dé egungun ìdí, ní sẹ̀ǹtímítà. Ẹ fi iye àyà náà sọ ara rẹ̀ di púpọ̀, ẹ tún fi gígùn sọ ọ́ di púpọ̀, kí ẹ wá fi 10,840 pín in. Bí àyà bá jẹ́ 150, tí gígùn jẹ́ 130, nǹkan bíi kílò 270 ni.

Kí oògùn tó wọlé, ẹ jẹ́ kí dókítà ẹran tó súnmọ́ yín gba ẹ̀jẹ̀ láti ṣóńṣó etí sórí gíláàsì pẹlẹbẹ, kó sì gba díẹ̀ sínú ìgò elésè-àlùkò tí ẹ̀jẹ̀ kì í dì nínú rẹ̀. Ẹ fi yìnyín yí i ká, àmọ́ kó má dì, kó sì dé ibi àyẹ̀wò lọ́jọ́ náà. Lẹ́yìn oògùn, kòkòrò lè ṣòro láti rí.

Oògùn méjì ló wà, ọ̀kan lẹ máa yàn. Diminazene alápò gíráàmù 2.36: ẹ pò ó mọ́ mílílítà 15 omi tí ẹ sè tó ti tutù, mílílítà 5 fún kílò 100, nínú ẹran ọrùn. Ti kílò 270 jẹ́ 13.5, ẹ pín in sójú méjì. Tàbí imidocarb ìdá 12 nínú ọgọ́rùn-ún: mílílítà 1 fún kílò 100, ìyẹn 2.7, lábẹ́ awọ. Ẹ má gún un sínú iṣan ẹ̀jẹ̀ láé. Itọ́ lè máa ṣàn lẹ́nu rẹ̀, inú sì lè máa run ún fún ìgbà díẹ̀. Kí dókítà yẹn dúró tì í.

Ẹ má dín oògùn kù torí owó. Èyí tí kò tó ló ń kọ́ kòkòrò bí yóò ṣe yè é. Ẹ má sì lé e káàkiri kí ẹ tó mú un. Ẹ̀jẹ̀ ti tán lára rẹ̀, eré díẹ̀ lè pa á. Ibòji, omi, koríko tútù níwájú rẹ̀. Kí ẹ wọn ìgbóná rẹ̀ láàárọ̀ ọ̀la. Bí kò bá wálẹ̀, ẹ pe dókítà padà.

Ọmọ Alápatà:
Ẹ jọ̀ọ́, bó bá lọ kú lójijì, tí ẹ̀jẹ̀ dúdú tí kò dì ń jáde ní imú tàbí ní ìdí rẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má fi ọ̀bẹ kàn án o. Anthrax lè ni, ó sì ń pa ènìyàn. A rí i ní Suleja lọ́dún 2023. Ẹ pe òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń rí sí ẹran. Sísun tàbí sísin jìn ló tọ́ sí i. Kí ẹ má gba alápatà kankan tó bá ní òun fẹ́ rà á.

Bàbá Gáà:
Ti eégbọn ló kù. Amitraz ìdá 12.5 nínú ọgọ́rùn-ún, mílílítà 2 fún lítà omi kan. Táǹkì àgbékọ́yìn lítà 16 gba 32, ó sì tó màlúù 4. Kí táǹkì náà má jẹ́ èyí tí ẹ fi ń fọ́n oògùn koríko. Ẹ jẹ́ kí wọ́n mu omi kọ́kọ́, ẹ fọ́n inú etí, abíyá, ìdí ọmú, abẹ́ ìrù, àárín pátákò. Bí ojú ọjọ́ bá ṣú, ẹ fi í sílẹ̀. Lásìkò òjò, ọ̀sẹ̀ méjì-méjì. Ẹ̀yin tí ẹ ń sin ẹṣin l'Ọ́yọ̀ọ́, amitraz kò bá ẹṣin lára mu o.

Amitraz kì í pa eṣinṣin tsetse. Deltamethrin tí a ń dà sẹ́yìn ẹran ló ń mú méjèèjì. Abẹ́rẹ́ kan fún màlúù kan ni o, torí anaplasma ń tẹ̀lé abẹ́rẹ́ ẹlẹ́jẹ̀.

Ìyá Oníwàrà:
Dókítà, ṣé a lè fi omi wàrà rẹ̀ ṣe wàrà dídì fún títà? A ṣáà máa sè é.

Dókítà Ẹran:
Rárá, Màmá. Iná kì í mú oògùn náà kúrò, ewé bọmubọmu kì í mú un kúrò. Iye ọjọ́ tí a kò gbọ́dọ̀ fi mu wàrà rẹ̀ tàbí jẹ ẹran rẹ̀ wà lára páálí oògùn. Ti imidocarb lórí ẹran máa ń gùn gan-an, ẹ kà á kí ẹ tó rà á. Ẹ fi ọ̀dà pupa sàmì sí i nídìí, kí ọmọ tó ń fún wàrà má bàa dà á mọ́ tàwọn yòókù.