Ẹ̀wà àti sọ́sééjì inú páànù onírin: báwo ni mo ṣe lè dín ọ̀rá rẹ̀ kù?

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin alásè. Houston ni mò ń gbé. Màmá ará Louisiana kan tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé wa ló kọ́ mi ní ẹ̀wà olójú dúdú tí wọ́n ń fi sọ́sééjì sè nínú páànù onírin dúdú, èyí tó wúwo bí odó. Àlùbọ́sà, sẹ́lẹ́rì àti tàtàṣé aláwọ̀ ewé ni wọ́n kọ́kọ́ ń dín. Ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ ni màmá fi ń dín in, andouille, ìyẹn sọ́sééjì ẹran ẹlẹ́dẹ̀ tí wọ́n fi èéfín yan, ló sì ń gé sí i. Èèyàn á máa lá ìka! Àmọ́ dókítà ti ní kí ọkọ mi dín iyọ̀ àti ọ̀rá kù.

Mo bá lọ ra sọ́sééjì tòlótòló, mo fi òróró ṣíbí kan dín in. Ó gbẹ bí igi, ó lẹ̀ mọ́ ìdí páànù. Bí mo ṣe da ẹ̀wà sí i tí mo rò ó, ó di ẹ̀wà àgànyìn. Ọkọ mi jẹ ṣíbí mẹ́ta, ó béèrè bóyá gààrí ṣì wà nílé.

Ẹ̀wà inú agolo ni mo lò, mo sì ṣàn án nítorí iyọ̀. Ṣé ẹ̀wà gbígbẹ ni kí n máa sè fúnra mi? Ṣé kí n kó sọ́sééjì sílẹ̀ kí n tó da ẹ̀wà sí i ni? Kí ló sì lè rọ́pò adùn èéfín ẹran ẹlẹ́dẹ̀ yẹn? Mo ti ro edé àti ẹja gbígbẹ wò, ṣùgbọ́n adùn tọ̀hún gan-an ni mò ń wá. Kí ẹnikẹ́ni má sọ pé kí n bu epo pupa sí i o. Mo mọ̀ yín.