Toledo ní Sípéènì: ṣé ká gba afinimọ̀nà, àbí ká dá rìn ín?

ỌmọKàbà_Gangan

Òkun o, ẹ̀yin ará ilé. Èmi àti màámi máa wà ní Madrid lóṣù kẹsàn-án, ọjọ́ kan ṣoṣo la sì ní fún Toledo. Màámi ti lé ní ọdún márùnlélọ́gọ́ta. Wọ́n ń rìn dáadáa lórí ilẹ̀ tó tẹ́jú, àmọ́ tó bá ti di òkè gígùn, orúnkún á bẹ̀rẹ̀ sí í ro wọ́n. Ṣé ó yẹ ká gba afinimọ̀nà, àbí máàpù orí fóònù ti tó? Mo ń rí àwọn tó ní ọ̀fẹ́ làwọn ń mú èèyàn kiri, mo sì ń rí àwọn tó ń gbowó. Kí ni ìyàtọ̀ wọn? Ibo ló yẹ ká ti bẹ̀rẹ̀ kí òkè má bàa pa màámi lára? Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tó bá mọ ìlú náà dénú ni kó dá mi lóhùn. "Ẹ ṣáà lọ gbádùn" ò lè ràn mí lọ́wọ́.

Alárìnká_Ìsánlú

Òkun o, àbúrò. Ẹ gba afinimọ̀nà. Ara òde ilé ní Toledo kì í fi ohun tó wà nínú rẹ̀ hàn, ibẹ̀ gan-an lọ̀rọ̀ wà.

Ẹ mú Cristo de la Luz. Láti ojú títì, ilé bíríkì kékeré kan ni, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọ̀ọ̀kan ò ju bíi mítà mẹ́jọ lọ, àwọn èèyàn sì ń gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá láì yíjú sí i. Tí afinimọ̀nà bá dá yín dúró, tó ní kí ẹ gbójú sókè, ẹ máa rí i pé bíríkì ni wọ́n fi to lẹ́tà Lárúbáwá sí iwájú ilé náà, ọdún tí wọ́n kọ́ ọ sì wà nínú ọ̀rọ̀ ọ̀hún. Lónkà tiwa, ọdún 999 ni. Mọ́ṣáláṣí ni. Ẹ wọlé: òpó mẹ́rin pín inú rẹ̀ sí ojú mẹ́sàn-án, orí ojú kọ̀ọ̀kan ní àjà tirẹ̀, bí wọ́n ṣe hun egungun àjà kan kò jọ ti èkejì, títí tó fi pé mẹ́sàn-án. Ẹ wá wo orí àwọn òpó náà, wọn ò bára wọn mu. Inú ilé àwọn Visigoth tó jọba kí àwọn Mùsùlùmí tó dé ni wọ́n ti kó wọn wá. Ọba Alfonso Kẹfà, tó jẹ́ Kristẹni, gba ìlú lọ́wọ́ àwọn Mùsùlùmí lọ́dún 1085, nígbà tó yá wọ́n so ibi pẹpẹ ṣọ́ọ̀ṣì mọ́ ọn lẹ́yìn. Ìjọba mẹ́ta ló wà nínú yàrá tí ò ju párlọ̀ kan lọ. Máàpù ò lè sọ ìyẹn fún yín. Fóònù pàápàá máa ń ṣìnà láàárín àwọn òpópó tóóró yẹn, torí ògiri ga lọ́tùn-ún lósì.

Ó kan ọ̀rọ̀ òkè. Orí àpáta ni Toledo wà, odò Tajo sì yí i ká ní ọ̀nà mẹ́ta. Ìsàlẹ̀, lódìkejì odò, ni ibùdókọ̀ ojú irin wà. Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń kọsẹ̀ nìyẹn: wọ́n á bọ́ọ́lẹ̀, wọ́n á rí afárá Alcántara tó rẹwà, wọ́n á ní àwọn á fẹsẹ̀ gòkè. Kí wọ́n tó bá afinimọ̀nà pàdé ní ojúde Zocodover, ẹsẹ̀ ti tán nílẹ̀. Ẹ má ṣe é. Ẹ wọ bọ́ọ̀sì ìlú tàbí takisí láti ibùdókọ̀ tààrà dé Zocodover. Látibẹ̀, ẹ kọjú sí ìwọ̀ oòrùn. Ọ̀nà náà gòkè díẹ̀ níbì kan, sọ̀ díẹ̀ níbòmíràn, àmọ́ lápapọ̀ ìsàlẹ̀ ló ń lọ: Zocodover, kàtídírà, ṣọ́ọ̀ṣì Santo Tomé, sínágọ́gù El Tránsito, sínágọ́gù Santa María la Blanca, ṣọ́ọ̀ṣì San Juan de los Reyes. Gbogbo rẹ̀ kò tó kìlómítà méjì. Ẹni tó bá gba ti ìdàkejì, tó bẹ̀rẹ̀ láti ìsàlẹ̀ lápá ìwọ̀ oòrùn, òkè ni yóò máa gùn títí dé òpin.

(Zocodover yẹn, èdè Lárúbáwá ni orúkọ náà ti wá: ọjà àwọn ẹran arẹrù ni. Bí ẹni ń pe ojúde Ọba ní Ìsọ̀ Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́.)

Ìyá_Ìbejì_Mòpà

Alàgbà ti sọ ti ọ̀nà, ẹ jẹ́ kí n sọ ti owó àti ti afinimọ̀nà fúnra rẹ̀.

Èyí tí wọ́n ń pè ní ọ̀fẹ́ kì í ṣe ọ̀fẹ́. Nǹkan bíi 10 yúrò lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan lọ̀pọ̀ èèyàn ń fún afinimọ̀nà nígbà tí ìrìn bá parí. Níbi púpọ̀, afinimọ̀nà ló ń san owó orí gbogbo ẹni tó forúkọ sílẹ̀ fún ilé-iṣẹ́ tó ni ojúlé íntánẹ́ẹ̀tì yẹn. Nítorí náà, tí ẹ bá forúkọ sílẹ̀ tí ẹ ò wá, àpò rẹ̀ lẹ ti mú owó. Ẹ tètè fagi lé e tí ètò yín bá yí padà.

Irú ìrìn bẹ́ẹ̀ dára fún ọ̀dọ́. Kò dára fún màmá. Èrò lè tó ogún tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, afinimọ̀nà á gbé agbòjò sókè kí wọ́n lè máa wò ó, á sì máa yára. Òpópó náà kò gba èèyàn mẹ́ta ní ìbú níbì kan, ẹni tó bá wà lẹ́yìn ò ní gbọ́ nǹkan kan. Kí màmá tó dé ibi tí wọ́n dúró sí, ọ̀rọ̀ ti parí, wọ́n ti ń lọ síbi tó kàn. Ẹ wá afinimọ̀nà àdáni tàbí ẹgbẹ́ kékeré tí kò ju mẹ́wàá lọ. Owó àdáni máa ń jẹ́ ti ẹgbẹ́ lódindi, kì í ṣe ti orí kọ̀ọ̀kan, nítorí náà tí ẹ bá rí ìdílé mìíràn dara pọ̀ mọ́, ó máa fúyẹ́. Wákàtí méjì sí méjì àbọ̀ ti tó.

Kí ẹ tó sanwó, ẹ béèrè pé ilé wo gan-an la máa wọ̀. Èyí ló ń dun àwọn èèyàn jù lẹ́yìn ìrìn. Ọ̀pọ̀ irú ìrìn yìí, ìta ni wọ́n ń dúró sí sọ̀tàn, wọn kì í wọlé rárá, owó tíkẹ́ẹ̀tì kò sì sí nínú ohun tí ẹ san. Ẹ tún béèrè èdè: àwọn kan máa ń sọ gbogbo ọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ní Spanish kí wọ́n tó sọ ọ́ ní Gẹ̀ẹ́sì, wákàtí méjì tí ẹ san owó rẹ̀ á di wákàtí kan. Ẹ béèrè bóyá wọ́n máa yà sí ṣọ́ọ̀bù. Ìlú idà ni Toledo látijọ́, ibẹ̀ náà ni wọ́n ti ń fi okùn wúrà tẹ́ẹ́rẹ́ lù mọ́ ara irin dúdú, tí wọ́n ń pè ní damasquinado. Iṣẹ́ ọwọ́ tó yẹ kéèyàn rí ni, àmọ́ tí wọ́n bá fi ogójì ìṣẹ́jú dá yín dúró sí ìdí àtẹ, àkókò yín ló ń lọ. (Ẹ má ra idà tàbí ọ̀bẹ sínú àpò tí ẹ máa gbé dání wọ bààlúù, wọ́n máa gbà á.) Afinimọ̀nà tí ìjọba ẹkùn náà fún níwèé àṣẹ máa ń ní káàdì; "guía oficial" ni wọ́n ń pè é.

Tíkẹ́ẹ̀tì: wọ́n ń ta ẹ̀gbà ọwọ́ kan tí wọ́n ń pè ní pulsera turística. Ó ń ṣí ilé méje, lára wọn ni Cristo de la Luz, Santo Tomé, Santa María la Blanca àti San Juan de los Reyes. Kàtídírà kò sí nínú rẹ̀, El Tránsito kò sí nínú rẹ̀. Àwọn méjì tí ọ̀pọ̀ èèyàn ń torí wọn wá náà nìyẹn! Tí ẹ bá máa wọ mẹ́rin tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ nínú méje yẹn, ẹ rà á. Tó bá jẹ́ méjì, ẹ san án lọ́kọ̀ọ̀kan. Tí ẹ bá ti so ó mọ́ ọwọ́, ẹ má bọ́ ọ títí ẹ ó fi parí, ẹlòmíràn ò lè lò ó.

Akin_Ògìdì

Ẹ ṣé, mà. Ẹ̀gbọ́n Ìsánlú, ẹ dárí jì mí, nǹkan kan kù nínú àlàyé yín. Ìsàlẹ̀ lápá àríwá ni Cristo de la Luz wà sí Zocodover, kò sí lójú ọ̀nà tí ẹ tò sílẹ̀. Ẹni tó bá lọ síbẹ̀ gbọ́dọ̀ gun òkè padà. Kí màmá jókòó ní Zocodover, kí wọ́n mu kọfí, kí ọmọ sáré lọ wò ó kí afinimọ̀nà tó dé. Àwọn àtẹ̀gùn oníná tó ń gbéni lọ sókè náà wà, ọ̀fẹ́ ni wọ́n: ọ̀kan lápá Safont nítòsí ibùdó bọ́ọ̀sì, èkejì ní Paseo de Recaredo. Wọ́n wúlò fún ẹni tó bá bọ́ọ̀sì wá láti Plaza Elíptica ní Madrid.

Bàtà ńkọ́? Òkúta odò roboto ni wọ́n fi tẹ́ òpópó púpọ̀, ẹsẹ̀ ọ̀kẹ́ àìmọye ti fá a dán. Tí òjò bá ta sí i, ó ń yọ̀ bí ojú àpáta Orókè nígbà tí òjò bá ṣẹ̀ṣẹ̀ dá. Kí màmá má wọ sálúbàtà, kí wọ́n má wọ bàtà tuntun. Bàtà rọ́bà tí ìsàlẹ̀ rẹ̀ nípọn, tó ní okùn tó di ọrùn ẹsẹ̀ mú, ló dára. Tí wọ́n bá ní ọ̀pá, kí wọ́n mú un dání, kí rọ́bà ìdí rẹ̀ má ti jẹ tán. Sísọ̀kalẹ̀ lórí irú òkúta yẹn máa ń dun orúnkún ju gígùn lọ.

ỌmọKàbà_Gangan

Ẹ ṣeun gan-an. Ọjọ́ Àìkú nìkan ló rọ àbúrò mi tó ń kàwé ní Madrid lọ́rùn láti bá wa lọ. Ṣé kò burú? Báwo la sì ṣe máa padà sí ibùdókọ̀ tó bá jẹ́ pé ìsàlẹ̀ la máa parí sí?

Alárìnká_Ìsánlú

Akin, òótọ́ lo sọ. Mo gbà.

Ọjọ́ Àìkú ń mú wàhálà wá lójú kan: kàtídírà kì í ṣí fún àlejò títí di aago méjì ọ̀sán. Ọjọ́ Ajé, El Tránsito ló ń wà ní títì. Àti Ọjọ́ Ìṣẹ́gun dé Ọjọ́ Ẹtì lohun gbogbo ń wà ní ṣíṣí. Tó bá jẹ́ Àìkú náà ni dandan, ẹ sọ fún afinimọ̀nà kó fi kàtídírà sí ìparí, kó bẹ̀rẹ̀ láti Santo Tomé, kí takisí já yín síbẹ̀. Ẹ tètè ra tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ ojú irin lílọ àti bíbọ̀. Láti ibùdókọ̀ Atocha ní Madrid kò ju ìṣẹ́jú márùndínlógójì lọ, ìjókòó níye, ní òpin ọ̀sẹ̀ ó sì máa ń tán. Wọ́n ń yẹ ẹrù wò kí èèyàn tó wọ pèpéle, ẹ má fi ìṣẹ́jú márùn-ún débẹ̀.

Níwọ̀n bí màmá ò ti lè wo gbogbo rẹ̀, ohun mẹ́ta ni kí wọ́n má pàdánù.

Nínú kàtídírà, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ lọ́dún 1226 tí wọ́n parí lọ́dún 1493, kí wọ́n lọ sẹ́yìn pẹpẹ. Narciso Tomé gbẹ́ ihò ńlá sí àjà òkúta níbẹ̀ kí ìmọ́lẹ̀ oòrùn lè bọ́ sára ibi mímọ́, ó parí iṣẹ́ náà lọ́dún 1732. Transparente lorúkọ rẹ̀.

Ní Santo Tomé, àwòrán kan péré lẹ ń wọlé lọ wò: ìsìnkú Olóyè Orgaz, tí El Greco kùn láàárín ọdún 1586 sí 1588. Sàréè olóyè náà wà lábẹ́ àwòrán níbẹ̀ gan-an. Ẹ wo ọmọdékùnrin tó wà nísàlẹ̀ lápá òsì, tó ń nawọ́. Ọmọ El Greco ni. Áńkáṣífù yọ jáde nínú àpò rẹ̀, 1578 tó jẹ́ ọdún ìbí ọmọ náà wà lára rẹ̀. Yàrá yẹn kéré, tí ẹgbẹ́ mìíràn bá wà nínú, ẹ dúró kí wọ́n jáde.

El Tránsito ni ẹ̀kẹta. Samuel ha-Levi, akápò ọba Pedro, ló kọ́ ọ ní nǹkan bíi 1357. Lára ògiri, ọ̀rọ̀ Hébérù sáré yíká lókè nínú iṣẹ́ ẹfun gbígbẹ́. Àwọn ọnà Lárúbáwá wà láàárín rẹ̀, àjà onígi sì bò ó. Ọba kan náà ló wá mú Samuel, ó sì kú sí àhámọ́. Lọ́dún 1492 wọ́n lé gbogbo Júù tó kọ̀ láti ṣe ìrìbọmi kúrò ní Sípéènì. Bí ẹ bá ti ń rìn ní àdúgbò yẹn, ẹ máa wo ilẹ̀: wọ́n ri táìlì kékeré aláwọ̀ búlúù àti funfun mọ́ àárín òkúta láti fi ààlà àdúgbò àwọn Júù hàn. Ọmọdé máa ń tètè rí wọn ju àgbà lọ.

Ìyá_Ìbejì_Mòpà

Ti ìpadà: ẹ má jẹ́ kí màmá sọ̀ kalẹ̀ dé afárá San Martín. Ẹ̀gbẹ́ San Juan de los Reyes ni kí ẹ parí sí, ẹ lè wo odò látibẹ̀. Kí wọ́n wo ara ògiri ṣọ́ọ̀ṣì náà lóde: ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ ni àwọn irin tó rọ̀ sókè yẹn, ti àwọn Kristẹni tí wọ́n tú sílẹ̀ nígbèkùn nígbà ogun tí wọ́n fi gba Granada lọ́wọ́ àwọn Mùsùlùmí. Kí afinimọ̀nà tó dágbére, ẹ ní kó bá yín pe takisí wá síbẹ̀, torí takisí kì í rìn kiri lápá ibẹ̀ tí ẹ ó fi máa nawọ́ sí i.

Tó bá jẹ́ Àìkú tí ẹ parí sí kàtídírà, Zocodover ò jìnnà, bọ́ọ̀sì ìlú ń lọ sí ibùdókọ̀ látibẹ̀. Ẹ fi wákàtí kan sílẹ̀ ṣáájú ọkọ̀ ojú irin. Oṣù kẹsàn-án sàn ju oṣù keje àti ìkẹjọ lọ, tí ooru máa ń kọjá 35 dígírì, àmọ́ ẹ mú omi dání fún màmá. Afẹ́fẹ́ ibẹ̀ gbẹ bí ti ọyẹ́ nílé, èèyàn kì í mọ̀ pé òùngbẹ ti ń gbẹ òun. Oúnjẹ ọ̀sán, aago méjì ni wọ́n ń jẹ ẹ́. Kí wọ́n jẹ nǹkan kí wọ́n tó kúrò ní Madrid.