Ọjọ́ tí kóòdù mi kọ́kọ́ wọnú áàpù ímeèlì: ẹ̀yin náà ẹ sọ tiyín

Ará Ìgbógbó (Ìkòròdú)

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ènìyàn mi. Mo ti ń ṣèlérí ìtàn yìí tipẹ́, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ kí iná tó lọ.

Ṣọ́ọ̀bù kékeré ni mo ní ní Ìgbógbó. Mo ń tún fóònù ṣe, mo sì ń kọ́ àwọn ọmọ ní kọ̀ǹpútà nígbà ìsinmi. Oníbàárà mi kan wà, bàbá tíṣà tó ti fẹ̀yìn tì, tí kì í kọ Yorùbá láìfi àmì sí i. Bí ẹ bá fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí wọn láìsí àmì, wọ́n á tún un kọ, wọ́n á dá a padà fún yín bí ìwé ìdánwò. Àwọn ni wọ́n gbé fóònù wá lọ́jọ́ náà. "Mò ń wá lẹ́tà Bọ́lá ọmọ mi, áàpù yìí ní kò sí. Lẹ́tà náà sì rèé!" Mo wò ó, òótọ́ ni. Bọ́lá wà lójú fóònù gbangba. Ẹ tẹ Bọ́lá síbi ìwákiri, kò rí nǹkan kan.

Mo pa fóònù, mo tan án. Kò yí padà.

Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fi wádìí rẹ̀. Lẹ́tà ábídí kan ṣoṣo ni ọ́ lójú tiwa, ṣùgbọ́n Unicode, ìyẹn ètò tí kọ̀ǹpútà fi ń fún àwọn àmì ìkọ̀wé ní nọ́ńbà, kò fún un ní nọ́ńbà tirẹ̀. Kíbọ́ọ̀dù kan lè mú ọ tó ti ní àmì ìsàlẹ̀, ìyẹn U+1ECD, kó wá fi àmì ohùn òkè, U+0301, lé e lórí. Òmíràn lè mú o lásán, kó fi àmì ìsàlẹ̀ U+0323 sí i, kó tó gbé àmì ohùn lé e. Nọ́ńbà méjì ni tàkọ́kọ́, mẹ́ta ni ti èkejì. Ojú kò lè mọ̀ wọ́n yàtọ̀, ṣùgbọ́n kọ̀ǹpútà kò lójú, nọ́ńbà ló ń kà. Bọ́lá tó wà lókè òkun fi mẹ́ta kọ orúkọ rẹ̀, bàbá rẹ̀ fi méjì wá a. Ó dà bí ìgbà tí ẹ béèrè Táíwò, tí wọ́n ní kò sẹ́nì kankan tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ níbí, Táyé nìkan ló wà nílé.

Oògùn rẹ̀ kò ṣòro. Java, èdè tí wọ́n fi ń kọ áàpù, ní ohun kan tó ń jẹ́ Normalizer. Ẹ sọ fún un pé NFC lẹ fẹ́, ìyẹn orúkọ ọ̀kan nínú àwọn ọ̀nà ìkọ náà, á da gbogbo ọ́ sí oríṣi kan náà. Ìlà kan péré. Áàpù ọ̀hún sì jẹ́ èyí tí kóòdù rẹ̀ wà ní gbangba, tí ẹnikẹ́ni lè tún un ṣe. Mo ní èmi náà á fi ìlà kan ránṣẹ́.

Ẹ wá gbọ́ ohun tí ojú mi rí lórí ìlà kan.

Dátà ló kọ́kọ́ mú mi. Git clone, àṣẹ tó ń gbé kóòdù wá sórí kọ̀ǹpútà ẹni, máa ń kó ìtàn kóòdù náà láti ọjọ́ tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, bí nẹ́tíwọ́ọ̀kì bá sì já láàárín, ẹ tún máa bẹ̀rẹ̀ láti òdo. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló já mọ́ mi lọ́wọ́ kí ẹnì kan tó sọ fún mi pé kí n fi --depth 1 sí i, kó lè kó ti òní nìkan. Ìyẹn parí tán, Gradle, irinṣẹ́ tó ń sọ kóòdù di áàpù, ní òun náà ní ẹrù tí òun fẹ́ kó. Dátà òru ni mo fi ṣe é. Lápútọ́ọ̀pù mi kò lè gbé Android Studio, irinṣẹ́ tí wọ́n fi ń kọ áàpù, àti emulator, fóònù àfarawé inú kọ̀ǹpútà, pọ̀ (ẹ má rẹ́rìn-ín), fóònù ara mi ni mo so mọ́ ọn.

Ọjọ́ tí mo fi pull request sílẹ̀, ìyẹn ìbéèrè pé kí wọ́n gba àtúnṣe mi wọlé, mo kọ ọ́ bí ẹni ń kọ̀wé sí ọ̀gá iléèwé. Mo kí wọn, mo bẹ̀ wọ́n, mo gbàdúrà fún wọn. Ìdáhùn dé lọ́jọ́ kejì láti ọ̀dọ̀ ẹni tó ń bójú tó kóòdù náà, ìlà kan: kí ló dé tí fáìlì 41 fi yí padà? Kò kí mi. Kò ní ẹ kú wàhálà. Inú bí mi dé ibi pé mo pa lápútọ́ọ̀pù dé. Nígbà tó di òwúrọ̀ ni mo tún un kà, mo rí i pé èmi ni mo jẹ̀bi. Mo ti ṣètò irinṣẹ́ mi pé bí mo bá ti fi fáìlì pamọ́, kó tún ààyè inú rẹ̀ tò. Ìlà kan tèmi ti sọnù sáàárín ọ̀gọ̀ọ̀rọ̀ ààyè tí ẹnikẹ́ni kò bẹ̀ mí pé kí n tò. Mo yọ gbogbo rẹ̀.

Ó tún béèrè test, kóòdù kékeré tó ń dán àtúnṣe wò. Ìyẹn ni mo gbádùn jù, orúkọ àwọn ará ilé wa ni mo fi kọ ọ́: Ṣẹ́gun, Bùkọ́lá, Ọ̀ṣunkẹ́mi.

Ìbéèrè kẹta ló dá mi dúró. Ó ní mo tún ọ̀rọ̀ tí èèyàn tẹ̀ síbi ìwákiri ṣe lóòótọ́, ṣùgbọ́n àwọn lẹ́tà tó ti wà nínú SQLite, ibi tí áàpù ń kó wọn pamọ́ sí lórí fóònù, ńkọ́? Bí wọ́n ṣe wọlé ni wọ́n ṣe wà. Àfi kí a máa tún wọn ṣe bí wọ́n bá ṣe ń wọlé, kí a sì tún gbogbo ti àtijọ́ ṣe nígbà tí fóònù bá gba áàpù tuntun. Èyí tí kò sì sí lórí fóònù rárá, sáfà, kọ̀ǹpútà tó ń tọ́jú lẹ́tà lórí ayélujára, ló ń bá wa wá a nípasẹ̀ IMAP, ọ̀nà tí áàpù fi ń bá a sọ̀rọ̀, ohun tó bá wu sáfà ló máa ṣe. Ìlà kan di nǹkan bí àádọ́rùn-ún.

Ẹnì kan tó ń sọ èdè Vietnam tún dá sí i. Ó ní U+1ECD yìí, àwọn náà ń lò ó, ìyà náà ti jẹ àwọn rí. Ó wá béèrè pé àwọn tó ń tẹ Bola láìsí àmì ńkọ́? Bàbá tíṣà ò ní gbà kí a pa ọkọ, ọkọ̀ àti ọkọ́ pọ̀. Ṣùgbọ́n ta ni nínú àwọn oníbàárà mi yòókù tó ń fi àmì sí ọ̀rọ̀? A gbé ìyẹn sí ẹ̀gbẹ́ kan, ẹ̀gbẹ́ náà ló ṣì wà dòní.

Ọ̀sẹ̀ méje ló gbà. Inú danfo ni mo wà ní Ògólóńtò nígbà tí fóònù mi dún pé wọ́n ti gbà á wọlé. Mo pariwo, kọ̀ńdọ́kítọ̀ rò pé ṣéńjì mi ni mò ń béèrè.

Bàbá tíṣà tẹ Bọ́lá, lẹ́tà jáde rẹrẹ. Wọ́n wò ó títí. "Ó dáa. Kí wá ni Inbox ń ṣe níbí yìí?"

Àǹtí Ẹlẹ́ja (Ẹ̀pẹ́)

Ẹ bá mi bẹ bàbá yẹn, àwa atúmọ̀ ni wọ́n ń bá wí. Èmi ò mọ kóòdù o. Orí Weblate, ojúlé tí wọ́n ti ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ inú áàpù, ni mo ti ń túmọ̀ irú áàpù bẹ́ẹ̀, ní alẹ́, lẹ́yìn tí mo bá ti ọjà dé. Fún Inbox, mo kọ "Àpótí Lẹ́tà", ẹnì kan ní ó dà bí àpótí ìbò. Fún Draft, mo kọ "Lẹ́tà tí a kò tíì parí", bọ́tìnì gé e sí "Lẹ́tà tí a kò". Mo rẹ́rìn-ín títí. "Àìparí" ni mo fi sí i níkẹyìn. Spam kò yọ mí lẹ́nu rárá: Pàǹtírí.

Ohun tó dùn mọ́ mi ni pé Gẹ̀ẹ́sì gbọ́dọ̀ kọ gbólóhùn méjì, ọ̀kan fún lẹ́tà 1, ọ̀kan fún púpọ̀. Tiwa ò rí bẹ́ẹ̀. Lẹ́tà 1, lẹ́tà 50, lẹ́tà náà ni. Ẹ kàn má yọ %d o. Mo yọ ọ́ nígbà kan, mo rò pé àṣìṣe ni. Ibẹ̀ ni nọ́ńbà ń jókòó sí.

Àgùnbánirọ̀ (Àgbádárìgì)

Ẹ kú ìrírí, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n. Ìtìjú ni tèmi. Mò ń dán bí áàpù ṣe ń fi lẹ́tà ránṣẹ́ wò nípasẹ̀ SMTP, ọ̀nà tí ímeèlì ń gbà jáde, mo wá kọ páásíwọ́ọ̀dù ímeèlì mi gan-an sínú fáìlì test, mo sì push ẹ̀ sí gbangba. Kó tó di ìrọ̀lẹ́, àwọn ènìyàn mi ti ń gba lẹ́tà owó ayédèrú láti ọ̀dọ̀ mi. Mo pa fáìlì náà rẹ́, mo rò pé ó tán. Kò tán, ó wà nínú ìtàn git. Ẹ̀gbọ́n kan ló ní kí n kọ́kọ́ lọ yí páásíwọ́ọ̀dù padà ná, kí n tó máa gbálẹ̀.

Mo fẹ́ tún bẹ̀rẹ̀. Èwo ni kí n mú?

Ará Ìgbógbó (Ìkòròdú)

Àbúrò, pẹ̀lẹ́. Ojú kì í ti ẹnikẹ́ni níbí.

Thunderbird, áàpù ímeèlì, ti orí kọ̀ǹpútà ti wà láti 2004, kóòdù rẹ̀ pọ̀ bí ọ̀sà, má tíì kó sínú ìyẹn. Ti Android lo máa wò. K-9 Mail ni tẹ́lẹ̀, ó dara pọ̀ mọ́ Thunderbird ní 2022. Èdè Kotlin àti Java ni wọ́n fi kọ ọ́, ó wà lórí GitHub, ojúlé tí wọ́n ń kó kóòdù sí. Wá àwọn issue, ìyẹn ìṣòro tí wọ́n fẹ́ kí ẹnì kan tún ṣe, tí wọ́n kọ "good first issue" sí, ìyẹn èyí tó yẹ ẹni tuntun, mú ọ̀kan, kí o sọ níbẹ̀ pé ìwọ lo mú un, kí ẹlòmíràn má baà máa ṣe é lọ́wọ́. Má gbàgbé --depth 1.

Bí Gradle bá sì há mọ́ ọ lọ́rùn, fi àwòrán ojú kọ̀ǹpútà rẹ síbí. Mò ń wà ní ṣọ́ọ̀bù di aago mẹ́jọ alẹ́.