Ta ló ṣì ní ẹ̀rọ U-matic l'Ékòó? Téèpù ìjàkadì ti bu

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ìkòròdú ni mo wà. Mò ń ṣe fíìmù nípa bàbá àdúgbò wa kan tó fi kámẹ́rà tẹ̀ lé àwọn oníjàkadì láyé ìgbà tí òkìkí Power Mike ń kàn. Téèpù fídíò U-matic, irú èyí tí Sony gbé jáde ní 1971, ni bàbá lò. Èébu funfun ti bo etí wọn. Mo fi aṣọ gbígbẹ nu ọ̀kan, ó tún bu. Mo wá ẹ̀rọ dé Alábà, ti VHS nìkan ni mo rí. Kò sí ẹ̀dà míì, bẹ́ẹ̀ bàbá fẹ́ rí iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ lójú ayé. Ẹ jọ̀ọ́, ta ló ní ẹ̀rọ tó ṣì ń ṣiṣẹ́, kí sì ni mo lè fi nu èébu náà tí téèpù ò fi ní bàjẹ́?