Quay, demurrage, gunwale: bí wọ́n ṣe ń pe ọ̀rọ̀ Òyìnbó etí omi

Tíṣà, Yaba:
Ẹ̀yin ará Àpápá, "quay" tó wà nínú ìwé ẹrù yín, "kíì" ni pípè rẹ̀, bí ìgbà tí Òyìnbó bá pe kọ́kọ́rọ́. "Kúéè" kọ́ rárá. Èbúté tí wọ́n mọ sétí omi kí ọkọ̀ lè gúnlẹ̀ já ẹrù ni. "Key" ni wọ́n máa ń kọ ọ́ tẹ́lẹ̀. Wọ́n wá wo bí àwọn Faransé ṣe ń kọ tiwọn, wọ́n yí lẹ́tà padà, ẹnu ò sì yí. Bí "s" bá wọ̀ ọ́ nídìí, ìró "z" ló ń mú wá, ìró tí èdè wa ò ní.

Ejẹ́ńtì, Àpápá:
Ẹ ṣé o, tíṣà. Ẹ jẹ́ kí n fi "demurrage" kún un, torí owó gidi ló ń kó lọ. Dì-mọ́-rìj ni, àárín lohùn ti ń lọ sókè. Owó tí iléeṣẹ́ ọkọ̀ ń gbà ni, bí kọ́ńténà bá kọjá ọjọ́ ọ̀fẹ́, ìyẹn iye ọjọ́ tí wọn ò ní gbowó. "Lading" inú "bill of lading", ìwé tí iléeṣẹ́ ọkọ̀ fi ń jẹ́rìí pé òun gba ẹrù, léè-dìn. "Tare" bá "bear" dọ́gba létí: ìwọ̀n kọ́ńténà òfìfo, ó wà lára ilẹ̀kùn rẹ̀. Bí àpapọ̀ bá jẹ́ kílò 24,000, tí tare jẹ́ 2,200, ẹrù yín jẹ́ 21,800.

Awakọ̀ ojú omi, CMS:
Ẹ̀gbọ́n, tiwa ńkọ́? "Gunwale", etí òkè ara ọkọ̀, gọ́nẹ̀l ni. Ẹ gbé "w" mì. "Boatswain", ọ̀gá atukọ̀ tó ń bójú tó okùn àti ìdákọ̀ró, bósùn péré. "Buoy" tí ń léfòó láti fi ọ̀nà han ọkọ̀, bọ́ì lẹ́nu ará Ìlú Ọba, búùì lẹ́nu ará Amẹ́ríkà. Méjèèjì ló tọ́.

Tíṣà, Yaba:
Nínú díkíṣọ́nárì, ẹ wá ilà kékeré tó dúró lókè. Iwájú sílébù tí ohùn ti ń lọ sókè ni ọ̀pọ̀ ìwé ń fi í sí. Àwọn ìwé àtijọ́ kan ń fi í sẹ́yìn, nítorí náà ẹ kọ́kọ́ ka ojú ìwé àlàyé. Lẹ́yìn náà, ẹ fi àmì ohùn tiwa kọ ọ́: òkè sórí sílébù yẹn, ìsàlẹ̀ sórí ìyókù. Fáwẹ̀lì tí à ń kì bọ àárín kọ́ńsónáǹtì ló ń ba iṣẹ́ jẹ́ jù. "Draught", bí ìdí ọkọ̀ ṣe jìn sínú omi tó, sílébù kan ṣoṣo ni, bíi "draft". Bí ẹ bá ní "dùráfùtù", ó ti di mẹ́rin. Ẹ kọ́kọ́ pe "raft" dáadáa, kí ẹ wá fi "d" síwájú rẹ̀ láìmí.