Tiránsífà tí wọ́n fi fìyà jẹ mí

Ẹ̀yin olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ jẹ́ kí n fi tèmi kún èyí tí ẹ ti ń sọ bọ̀ nípa tiránsífà tí wọ́n fi ń fìyà jẹ olùkọ́.

Ìṣirò ni mo ń kọ́ àwọn ọmọ ní ilé-ìwé girama kan lápá Mọníyà n'Ìbàdàn. Láti 2019 ni ìjọba Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ ti fagi lé ₦3,000 tí àwọn ọmọ ń san nílé-ìwé, síbẹ̀ wọ́n ń gba owó mìíràn lọ́wọ́ àwọn òbí níbẹ̀. Mo dìde ní ìpàdé olùkọ́, mo bèèrè ibi tí owó náà ń wọlé sí. Kò pẹ́ rárá tí lẹ́tà fi dé: kí n máa lọ sí Kìṣí, lójú ẹsẹ̀. Ẹni tó mọ Òkè-Ògùn mọ̀ pé Kìṣí kì í ṣe ibi tí èèyàn ń ti Ìbàdàn lọ ṣiṣẹ́ kó tún padà wá sùn nílé. Ìyá mi sì wà lórí ibùsùn, èmi nìkan ló ń tọ́jú wọn.

Lọ́yà tí mo lọ bá ní Dùgbẹ̀ kò tilẹ̀ kọ́kọ́ wo lẹ́tà tiránsífà. Lẹ́tà ìgbanisíṣẹ́ mi ló ní kí n mú wá. Ó fi bírò fàlà sábẹ́ ìlà kan: wọ́n lè gbé mi lọ síbikíbi ní Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́. Ó ní, “Màmá, tẹ́ ẹ bá lọ sọ fún adájọ́ pé Kìṣí jìnnà, á káàánú yín, àmọ́ kò ní dá yín láre.” Ohun tí Kóòtù Industrial, ilé-ẹjọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ iṣẹ́, máa wò ni bóyá ẹni tó fọwọ́ sí lẹ́tà láṣẹ, bóyá wọ́n tẹ̀lé ìlànà tí àwọn fúnra wọn kọ, àti bóyá ìyà ni wọ́n pè ní tiránsífà. Ìyà kò sì gbọdọ̀ dé láìjẹ́ pé èèyàn kọ́kọ́ rojọ́ tirẹ̀. Abala 36 nínú ìwé òfin orílẹ̀-èdè wa ti 1999 ló ti í lẹ́yìn.

Mo lọ sí Kìṣí. Ó dùn mí dé ọkàn, ṣùgbọ́n ẹni tó bá kọ̀ tí kò lọ ti fún wọn ní ẹ̀sùn tuntun, owó oṣù á sì dúró. Mo kọ ọ́ sílẹ̀ pé mo ń lọ o, àmọ́ mi ò fara mọ́ ọn. Mo so àkọsílẹ̀ ìpàdé yẹn mọ́ ẹ̀hónú mi, pẹ̀lú táìmù-tébù tó fi hàn pé kò sẹ́ni tó rọ́pò mi ní SS3. Èyí gan-an ló ń bí mi nínú jù títí dòní: àwọn ọmọ tó fẹ́ ṣe WAEC, wọ́n yọ olùkọ́ ìṣirò wọn torí ìbéèrè owó!

Lọ́yà mi kọ̀wé sí àwọn tó gbé mi lọ pé kóòtù ló kàn. Ká tó pe ẹjọ́, wọ́n gbé mi wá sílé-ìwé kan ní Lágelú. Wọn ò dá mi padà síbi tí mo wà, wọn ò sì tọrọ àforíjì.

Olùkọ́ kan ní Ẹgbẹ́dá bèèrè:
Àǹtí, ẹ kú ìfaradà. Wọ́n gbé èmi náà lọ, mi ò tíì kọ̀wé ẹ̀hónú rárá. Wọ́n ní oṣù mẹ́ta ti kọjá, pé ẹjọ́ mi ti kú. Ṣé òótọ́ ni?

Àbúrò mi, má gbà. Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ ti sọ ọ́ nínú ẹjọ́ kan pé òfin oṣù mẹ́ta tó ń dáàbò bo àwọn aláṣẹ ìjọba, èyí tó ní kí ẹni tó bá fẹ́ pè wọ́n lẹ́jọ́ pè é kí oṣù mẹ́ta tó kọjá, kò kan ẹjọ́ lórí àdéhùn iṣẹ́. Ṣùgbọ́n má jókòó lé e o. Kọ ẹ̀hónú rẹ lọ́sẹ̀ yìí, kí o sì rí i pé pírínsípà buwọ́ lu ẹ̀dà tìrẹ, kó kọ déètì sí i, kí o tó kúrò ní ọ́fíìsì rẹ̀.