Mo ń wá ìmọ̀ràn lórí fíìmù ìdágbére àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 1899

Ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin akẹgbẹ́ mi, mo kí yín o. Mò ń ṣètò ìdánilẹ́kọ̀ọ́ fún àwọn ọ̀dọ́ lórí bí fíìmù ṣe kọ́kọ́ ń ròyìn ogun, ìrìnàjò Ọ̀gágun Redvers Buller, tó lọ darí àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì, ni mo sì fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀. Ní ọjọ́ 14 oṣù Kẹwàá ọdún 1899, ọjọ́ mẹ́ta péré lẹ́yìn tí ogun bẹ́ sílẹ̀ láàárín ìjọba Gẹ̀ẹ́sì àti àwọn Boer, ìyẹn àwọn aláwọ̀ funfun tí ọ̀pọ̀ wọn jẹ́ ìran Dutch, ní Gúúsù Áfíríkà, ó wọ ọkọ̀ ojú omi Dunottar Castle ní èbúté Southampton. W. K.-L. Dickson, ayàfíìmù tó ti bá Thomas Edison, olùhùmọ̀ ẹ̀rọ, ṣiṣẹ́ rí ní Amẹ́ríkà, gbé kámẹ́rà Biograph, ẹ̀rọ tó wúwo gan-an, lọ síbẹ̀ láti ya ìdágbére náà, òun fúnra rẹ̀ sì bá ọkọ̀ kan náà lọ sójú ogun.

Irú fíìmù bẹ́ẹ̀ kúrú púpọ̀, kò sì ní ohùn. Èyí ló fa ìbéèrè mi àkọ́kọ́: ṣé kí n fi orin sí i? Ẹ̀rù ń bà mí pé orin ológun yóò sọ ọ́ di ayẹyẹ lójú àwọn ọmọ, bẹ́ẹ̀ ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó lọ sí ogun yẹn ni kò padà wálé, ẹgbẹẹgbẹ̀rún obìnrin àti ọmọdé Boer, àti àwọn aláwọ̀ dúdú pẹ̀lú, sì kú sínú àgọ́ tí àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì kó wọn sí. Èrò tèmi ni pé kí ó dákẹ́ bí ó ṣe wà.

Èkejì ló le jù. Ní àsìkò kan náà, àwọn ayàfíìmù bíi R. W. Paul ní Lọ́ńdọ̀nù àti Mitchell pẹ̀lú Kenyon ní Blackburn ń fi òṣèré ya ìjà ogun náà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ṣé kí n kọ́kọ́ sọ èyí tó jẹ́ eré fún àwọn ọmọ ni, àbí kí n jẹ́ kí wọ́n fi ojú ara wọn dá a mọ̀? Ẹ̀yin tí ẹ ti kọ́ ọ̀dọ́ ní irú ẹ̀kọ́ yìí, ẹ jọ̀wọ́, ẹ là mí lọ́yẹ̀.